Ọdún márùn-ún tàbí ọdún mẹ́wàá? Ìfiwéra fún ẹni tó fẹ́ sọ ìwé ìrìnnà Nàìjíríà dọ̀tun

Ìbéèrè kan wà lórí ojú òpó àjọ Ìmígíréṣọ̀n tó máa ń mú kí ọ̀pọ̀ èèyàn gbé ọwọ́ kúrò lórí fóònù, kí wọ́n kọ́kọ́ pe ọkọ, aya tàbí ẹ̀gbọ́n wọn. Wọ́n ti kọ orúkọ, wọ́n ti fi NIN sí i, wọ́n ti kọ nọ́ńbà páàsípọ́ọ̀tù àtijọ́. Ló bá kù kí wọ́n mú ọ̀kan: olójú-ewé 32 tó ń lo ọdún márùn-ún, àbí olójú-ewé 64 tó ń lo ọdún mẹ́wàá? Ẹni tó wà nílé àti ẹni tó wà lókè òkun kò gbọdọ̀ dáhùn ìbéèrè yìí bákan náà, torí ìṣirò wọn kì í ṣe ọ̀kan.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ ka owó

| | Ojú-ewé 32, ọdún 5 | Ojú-ewé 64, ọdún 10 |
|---|---|---|
| Nílé, kó tó di oṣù kẹsàn-án 2024 | ₦35,000 | ₦70,000 |
| Nílé, láti ọjọ́ kìíní oṣù kẹsàn-án 2024 | ₦50,000 | ₦100,000 |
| Nílé, láti ọjọ́ kìíní oṣù kẹsàn-án 2025 | ₦100,000 | ₦200,000 |
| Lókè òkun | $150 | $230 |
| Ta ló lè gbà á? | Àgbà àti ọmọdé | Ẹni tó ti pé ọdún 18 |

Ẹni tó bá fojú lásán wo 200,000 náírà á ní ọlọ́dún mẹ́wàá ló gbówó lórí. Ẹ pín in wò. 100,000 sí ọ̀nà márùn-ún jẹ́ 20,000 lọ́dún kan. 200,000 sí ọ̀nà mẹ́wàá, 20,000 náà ni. Ẹ tún pín in sí ojú-ewé: 100,000 sí 32 jẹ́ 3,125, 200,000 sí 64, 3,125 bákan náà. Ìjọba kò fi kọ́bọ̀ kan ṣe ènì fún ẹni tó ra púpọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, ohun tí ìyá aláta pàápàá kì í ṣe fún oníbàárà rẹ̀. Ó sì ti rí bẹ́ẹ̀ látìgbà tí owó ti wà ní 35,000 àti 70,000: ìlọ́po méjì gééré ni lójoojúmọ́ ayé.

Kí wá ni èrè ọlọ́dún mẹ́wàá fún ẹni tó ń gbé nílé? Ẹ wo àtẹ yẹn láti òkè wá sílẹ̀. Ní oṣù kẹjọ 2024, ọdún kan lórí ìwé ìrìnnà ń náni ní 7,000 náírà. Nígbà tó fi máa di oṣù kẹsàn-án 2025, ó ti di 20,000. Ẹni tó san 70,000 kí owó tó gorí ti jókòó pẹ̀sẹ̀ títí di 2034, ẹ̀kúnwó ìgbà méjèèjì kò kàn án. Aládùúgbò rẹ̀ tó gba ọlọ́dún márùn-ún ní 35,000 lọ́jọ́ kan náà á padà wá ní 2029, iye tó bá bá níbẹ̀ ló máa san. Ká tiẹ̀ ní owó dúró síbi tó wà yìí láìsún, 135,000 ni yóò ti ná lórí ohun tí ẹnì kejì rẹ̀ ná 70,000 lé lórí. Èmi ò rí ohun tó máa mú owó náà wálẹ̀, mo sì rí ohun púpọ̀ tó lè mú un lọ sókè. Nítorí náà, ohun tí ẹ ń rà nínú ọlọ́dún mẹ́wàá ni pé ẹ ti bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀kúnwó tó ń bọ̀.

Ṣùgbọ́n owó tó wà lápò lónìí kì í ṣe owó orí bébà. Owó oṣù tó kéré jù lórílẹ̀-èdè yìí jẹ́ 70,000 náírà. 200,000 fẹ́rẹ̀ẹ́ tó iṣẹ́ oṣù mẹ́ta lọ́wọ́ ẹni tó ń gbà á. Ẹ wá wo bàbá, ìyá àti ọmọ mẹ́ta tí kò tíì pé ọdún 18. Àwọn ọmọ kò ní yíyàn, ọlọ́dún márùn-ún ni tiwọn, 300,000 ti lọ nìyẹn. Bí àwọn òbí bá gba ọlọ́dún márùn-ún, àpapọ̀ jẹ́ 500,000. Bí wọ́n bá gba ọlọ́dún mẹ́wàá, ó di 700,000. Bó bá jẹ́ pé owó ilé ìwé ló máa fi 200,000 yẹn ṣófo, ẹ gba ọlọ́dún márùn-ún, kẹ́ ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ìṣirò dà yín láàmú.

Lókè òkun, ọ̀rọ̀ yí padà. $150 sí ọdún márùn-ún jẹ́ $30 lọ́dún. $230 sí ọdún mẹ́wàá jẹ́ $23. Ẹni tó gba ọlọ́dún márùn-ún lẹ́ẹ̀mejì ti san $300 láàárín ọdún mẹ́wàá, ó sì ti lọ dúró sí ẹ́ḿbásì lẹ́ẹ̀mejì. Fún àgbàlagbà tó ń gbé ní London, Atlanta tàbí Toronto, àyàfi bí ìdí pàtàkì kan bá wà, mi ò mọ̀dí tó fi yẹ kó gba olójú-ewé 32.

Ta ni kó mú èwo?

Àwọn oníṣòwò tó ń gba Sẹ̀mẹ̀ kọjá ni mo máa ń kọ́kọ́ rántí. Ẹni tó bá fi mọ́tò rin Èkó sí Accra á gba òǹtẹ̀ ìjáde ní Nàìjíríà, ìwọlé ní Benin, ìjáde ní Benin ní bodè Hillacondji, ìwọlé ní Togo, ìjáde ní Togo, ìwọlé ní Ghana ní bodè Aflao. Mẹ́fà nìyẹn ní àlọ nìkan, méjìlá tó bá fi padà délé. Ká ní òǹtẹ̀ mẹ́rin ń wọ ojú-ewé kan, ìrìn àjò kan ti jẹ ojú-ewé mẹ́ta. Ìrìn bíi mẹ́wàá, olójú-ewé 32 ti kún, bó tilẹ̀ ṣẹ́ ku ọdún mẹ́rin nílẹ̀. Ọdún tó wà lórí ìwé kò já mọ́ nǹkan kan fún irú ẹni bẹ́ẹ̀. Ojú-ewé ni kó máa kà. Olójú-ewé 64 ni tiẹ̀. Kò dín owó kù fún un, àmọ́ ó yọ ọ́ kúrò nínú ìlọ àti ìbọ̀ ẹ̀ẹ̀kan sí ọ́fíìsì Ìmígíréṣọ̀n. Bó bá sì jẹ́ pé kò ní ìdí kankan láti lọ ju Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà lọ, ìwé ìrìnnà ECOWAS wà, àjọ kan náà ló ń fún ni. Kí ó bèèrè rẹ̀ kí ó tó fi páàsípọ́ọ̀tù ńlá gba òǹtẹ̀ bodè tán.

Físà alálẹ̀mọ́ náà ń jẹ ojú-ewé. Ti Schengen tàbí Amẹ́ríkà á gba odindi ojú kan, òǹtẹ̀ ìwọlé àti ìjáde á tún wá ibòmíràn. Síbẹ̀, ẹni tó ń lọ sí òkè òkun lẹ́ẹ̀kan lọ́dún kò lè lo olójú-ewé 32 tán ní ọdún márùn-ún. Ó lè fi ọkàn balẹ̀ ní ti ojú-ewé.

Ọ̀dọ́bìnrin tó ti ní ọjọ́ ìgbéyàwó nílẹ̀, tó sì fẹ́ máa jẹ́ orúkọ ọkọ, kó dúró tàbí kó gba ọlọ́dún márùn-ún. Ìwé tuntun ni wọ́n máa ń tẹ̀ fún ẹni tó bá yí orúkọ padà, owó tuntun sì ni. Kò yẹ kí ẹnikẹ́ni sọ 200,000 náírà nù nítorí oṣù mẹ́fà. (Òfin kò sọ ọ́ di dandan pé kí aya jẹ́ orúkọ ọkọ. Ẹni tó bá fẹ́ máa jẹ́ orúkọ bàbá rẹ̀ lọ kò nílò láti dúró de nǹkan kan.)

Ọ̀rọ̀ àwọn àgbà ni mo ti máa ń bá àwọn èèyàn jiyàn jù. Màmá tó ti lé ní ọdún 70, tó fẹ́ lọ bá ọmọ rẹ̀ tọ́jú ọmọ tuntun ní Manchester, wọ́n á ní kí ni ó fẹ́ fi ọdún mẹ́wàá ṣe, ọlọ́dún márùn-ún náà tó o. Mi ò gbà. Lọ́nà kìíní, Màmá máa lò ó pẹ́, lágbára Ọlọ́run. Lọ́nà kejì, kì í ṣe owó ló nira fún àgbàlagbà nínú iṣẹ́ yìí. Jíjí lóru, wíwọ ọkọ̀ àti jíjókòó sórí bẹ́ǹṣì títí wọ́n á fi pe orúkọ ni. Bí àwọn ọmọ bá lágbára rẹ̀, kí wọ́n yọ ìyá wọn nínú ẹ̀ẹ̀kejì.

Kẹ́ ẹ ṣe é fúnra yín, kẹ́ ẹ gbé e lọ sí káfẹ̀, tàbí kẹ́ ẹ wá “ẹni tó mọ ẹnì kan níbẹ̀”?

Láti ọjọ́ kẹjọ oṣù kìíní ọdún 2024 ni èèyàn ti lè kọ fọ́ọ̀mù, kó fi fọ́tò àti àwọn ìwé rẹ̀ ránṣẹ́, kó sì sanwó, láti orí ìjókòó ilé rẹ̀. Ohun tó kù ní ọ́fíìsì fún ẹni tó wà ní Nàìjíríà ni ìtẹ̀ka, ìbuwọ́lù àti àwòrán ojú. Ìka yín ni wọ́n ń fẹ́, kò sí ẹni tó lè bá yín gbé e lọ.

Ẹni tó lè fi fóònù sanwó iná mọ̀nàmọ́ná lè ṣe èyí fúnra rẹ̀. Ẹ rí i dájú pé immigration.gov.ng ló parí orúkọ ojú òpó tẹ́ ẹ wà lórí rẹ̀, torí àwọn ayédèrú pọ̀, wọ́n sì jọ ojúlówó. Ìsọdọ̀tun ni kẹ́ ẹ mú, ẹ má mú ti ẹni tó ń gbà á fún ìgbà àkọ́kọ́. Fọ́tò tí ẹ̀yìn rẹ̀ funfun, tí ojú yín hàn kedere, ni kẹ́ ẹ lò. Ẹ má gé e jáde nínú fọ́tò òde àríyá.

Káfẹ̀ kò burú. Ó dára fún ẹni tí fóònù rẹ̀ kéré, tí íntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀ ń já, tàbí tí ojú ń dùn. Ewu kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ó tóbi: ọ̀pọ̀ àwọn ọmọ káfẹ̀ ló máa ń fi ímeèlì tiwọn kún fọ́ọ̀mù oníbàárà kí iṣẹ́ lè yá. Nọ́ńbà ìdánimọ̀ ìwé yín, rìsíìtì yín, ìsọfúnni nípa ọjọ́ tẹ́ ẹ máa lọ tẹ̀ka, gbogbo rẹ̀ á wá gba inú ímeèlì ẹni tẹ́ ẹ kò mọ ilé rẹ̀ kọjá. Bọ́mọ náà bá fi káfẹ̀ sílẹ̀ lọ kọ́ṣẹ́ míì, ẹ̀yin náà ti há. Ẹ mú ímeèlì tiyín dání, ẹ dúró tì í, kẹ́ ẹ sì ka gbogbo lẹ́tà orúkọ yín lójú kọ̀ǹpútà kó tó tẹ ibi ìsanwó. Bí ẹ kò bá ní ímeèlì, kí ọmọ yín bá yín ṣí ọ̀kan kẹ́ ẹ tó kúrò nílé.

Ti “ẹni tó mọ ẹnì kan níbẹ̀”, ó ní ìgbà tí mo mọ ìdí tí àwọn èèyàn fi ń ṣe é. Kí ó tó di ìparí ọdún 2023, ìwé ìrìnnà tó há sọ́wọ́ ìjọba pọ̀ débi pé nígbà tí mínísítà ọ̀rọ̀ abẹ́lé, Olubunmi Tunji-Ojo, kéde pé wọ́n ti tẹ gbogbo rẹ̀ tán, iye tó dárúkọ jẹ́ 204,332. Ẹni tó ní físà tó fẹ́ kú lọ́wọ́ kò ní gbọ́ ìwàásù nígbà yẹn. Lónìí, ẹ̀gúnjẹ tẹ́ ẹ bá san kò yọ yín kúrò nínú ìtẹ̀ka, kò sì tún NIN yín ṣe. Ohun méjèèjì yìí ló sì ń dá ìwé dúró jù.

NIN gan-an ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ yẹ̀ wò, ṣáájú ohunkóhun. Bí orúkọ bá jẹ́ “Oluwaseun” nínú NIN, tó jẹ́ “Seun” nínú páàsípọ́ọ̀tù àtijọ́, tàbí tí oṣù ìbí wọn kò bá ara mu, ibẹ̀ ni ìwé máa sùn sí. Àjọ NIMC tó ń fún ni ní NIN ló ń tún un ṣe, owó ni wọ́n sì fi ń tún un ṣe. Ọjọ́ ìbí ló wọ́n jù, 28,574 náírà ni wọ́n gbé e sí ní ọdún 2025. Ẹ parí ìyẹn kẹ́ ẹ tó san kọ́bọ̀ kan fún ìwé ìrìnnà.

Ọ́fíìsì wo?

Ìkòyí, Aláùsá, FESTAC, Ìbàdàn, Abẹ́òkúta, Àkúrẹ́, Òṣogbo, Adó-Èkìtì, Ìlọrin: ẹ mú èyí tó sún mọ́ yín. Nígbà kan, àwọn ará Èkó máa ń rin ìrìn wákàtí mélòó kan lọ sí ìpínlẹ̀ míì torí wọ́n gbọ́ pé ìwé ń tètè jáde lọ́hùn-ún. Láti 2025 ni wọ́n ti kó iṣẹ́ títẹ̀ ìwé jọ sí ojú kan ní oríléeṣẹ́ wọn l’Abuja, nítorí náà ibi tẹ́ ẹ ti tẹ̀ka kọ́ ni wọ́n ti ń tẹ̀ ẹ́. Ọ́fíìsì tẹ́ ẹ bá yàn nínú fọ́ọ̀mù lẹ ti máa gbà á, ẹ má yan ibi tẹ́ ẹ kò ní lè padà lọ.

Fún àwọn tó wà lókè òkun: ẹ́ḿbásì, fóònù, tàbí ilé ní Kérésì

Ẹ́ḿbásì ni ọ̀nà tí gbogbo wa mọ̀. Kò sì burú fún ẹni tó ń gbé ní London, tó lè wọ ọkọ̀ ojú irin dé Northumberland Avenue, tàbí fún ẹni tó sún mọ́ Washington, New York tàbí Atlanta. Ẹ fi owó ọkọ̀, owó ọjọ́ iṣẹ́ kan tẹ́ ẹ pàdánù, àti owó iléeṣẹ́ alágbàṣe níbi tí wọ́n bá ti ń lò ó, kún $150 tàbí $230 yẹn. Ìdílé tó ní ọmọ kékeré, àti ẹni tó ń gba ìwé ìrìnnà fún ìgbà àkọ́kọ́, ọ̀nà yìí ni tiwọn.

Ọ̀nà fóònù ni tuntun. Áàpù kan tó ń jẹ́ NIS Mobile ló ń yàwòrán ojú àti ìka láti ojú kámẹ́rà fóònù yín, ẹ kò ní rí ẹnikẹ́ni lójúkojú. Kánádà ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní ọjọ́ kìíní oṣù kọkànlá ọdún 2024, wọ́n sì gbé e dé Yúróòpù ní oṣù kejì ọdún 2025. Ẹni tí ìtẹ̀ka rẹ̀ ti wà lọ́wọ́ àjọ náà tẹ́lẹ̀ ni wọ́n ṣe é fún: àgbàlagbà tó kàn fẹ́ sọ ìwé tó ń kú lọ dọ̀tun, tí kò yí orúkọ tàbí ọjọ́ ìbí padà. Ẹni tó ń gbé ní Calgary, tí ẹ́ḿbásì rẹ̀ wà ní Ottawa lọ́hùn-ún, owó bàálù nìkan ju owó ìwé lọ. Kò sí ohun tó ń rò mọ́. Àmọ́ fún ẹni tí iṣẹ́ ọwọ́, bíríkìlà tàbí ìfọṣọ, ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pa ìlà ìka rẹ́, kámẹ́rà fóònù lè kọ ìka rẹ̀ léraléra. Bó bá kọ̀ ọ́, kó má fi ìbínú lù ú mọ́lẹ̀. Ẹ́ḿbásì ṣì wà.

Ilé ní oṣù kejìlá ńkọ́? Bí dọ́là bá wà ní 1,500 náírà, $230 jẹ́ 345,000. Nílé, 200,000 ni. Èrè 145,000 wà níbẹ̀, ó sì dùn létí. Ṣùgbọ́n ìwé tẹ́ ẹ fẹ́ fi sílẹ̀ yẹn náà lẹ máa fi padà. Ẹni tó wá fún oṣù kan gbáko, tí ọ́fíìsì kò jìnnà sí ilé rẹ̀, tí NIN rẹ̀ kò ní wàhálà, tó sì ti kọ fọ́ọ̀mù, tó ti gba ọjọ́ ìtẹ̀ka kó tó wọ bàálù, lè dán an wò. Ẹni tó wá ṣe òkú ọ̀sẹ̀ méjì, tí iṣẹ́ ń dúró dè ní ọjọ́ Ajé, kó jẹ́ kí 145,000 náà lọ. Orílẹ̀-èdè tẹ́ ẹ bá mú nínú fọ́ọ̀mù ló ń pinnu iye tẹ́ ẹ máa san, nítorí náà ẹ pinnu ibi tẹ́ ẹ ti máa ṣe é kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀.

Fún àwọn tó tún ní ìwé ìrìnnà àwọn òyìnbó lọ́wọ́: Bìrìtìkó fi owó fa èèyàn wá sórí íntánẹ́ẹ̀tì ni. Nígbà tí wọ́n tún owó gbé kalẹ̀ ní ọjọ́ kẹwàá oṣù kẹrin 2025, £94.50 ni wọ́n fi àgbàlagbà sí lórí íntánẹ́ẹ̀tì, £107 fún ẹni tó bá fẹ́ lo fọ́ọ̀mù bébà. Amẹ́ríkà, tó ṣí tirẹ̀ fún gbogbo èèyàn ní oṣù kẹsàn-án 2024, kò dín kọ́bọ̀ kan: $130 ni lórí íntánẹ́ẹ̀tì, $130 ni nípasẹ̀ ìfìwéránṣẹ́. Ẹni tó ti pé ọdún 25 nìkan ló lè lo ti íntánẹ́ẹ̀tì, kò sì sí ìyára fún un. Ẹ ṣọ́ra fún èyí pàápàá: tẹ́ ẹ bá ti fi ìbéèrè ránṣẹ́, wọ́n á fagi lé ìwé àtijọ́ tó wà lọ́wọ́ yín, ẹ kò lè fi rìn mọ́. Ẹni tó ní tíkẹ́ẹ̀tì Èkó lápò kò gbọdọ̀ tẹ bọ́tìnì yẹn.

Ìgbà tó yẹ kẹ́ ẹ bẹ̀rẹ̀, àti ìwé àtijọ́

Ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè ló ń fẹ́ kí oṣù mẹ́fà ó kéré tán ṣẹ́ kù lórí ìwé kí wọ́n tó gba àlejò. Nítorí náà, ìwé tó máa kú ní oṣù kejìlá ti kú ní oṣù kẹfà fún ẹni tó fẹ́ rìnrìn àjò. Bó bá ti ku oṣù mẹ́jọ tàbí mẹ́sàn-án, ẹ ti wọ inú rẹ̀.

Bí físà Amẹ́ríkà tí kò tíì kú bá wà nínú ìwé àtijọ́, ẹ má ya á, ẹ má sì fi í sílẹ̀ nílé. Ẹ mú tuntun àti àtijọ́ dání pa pọ̀, físà náà ṣì ń ṣiṣẹ́. Àwọn tó ń gbé ní Bìrìtìkó tí ìwé ìgbélùú wọn ti di eVisa, kí wọ́n wọlé sórí àkáǹtì UKVI wọn, kí wọ́n fi nọ́ńbà páàsípọ́ọ̀tù tuntun síbẹ̀ kí wọ́n tó dé pápákọ̀ òfuurufú, torí nọ́ńbà yẹn ni òṣìṣẹ́ bàálù máa fi wá orúkọ wọn.